Lẹ́yìn Àlùfáà Upton: Àkọsílẹ̀ Ìrìn-Àjò Wa sí Aginjù Jùdíà

Àbámẹ́ta, ọjọ́ 11 oṣù Kejì 2023. Upton, ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì

Ọkọ̀ ojú irin gbé wa láti Paddington dé Didcot, takisí gbé wa dé Upton. Abúlé ni: ilé oníbíríkì, pápá ìdáko, òkè tó rọra ga lápá gúúsù, àti St Mary, ṣọ́ọ̀ṣì kékeré olókùúta tí wọ́n ti kọ́ láti ayé àwọn Norman. Ibí ni Derwas James Chitty ti ṣe àlùfáà ìjọ Áńgílíkà láti ọdún 1931 títí di 1968. Ó ń ṣèrìbọmi fún ọmọ ará oko, ó ń so wọ́n pọ̀, ó ń sìnkú wọn. Láàárín iṣẹ́ wọ̀nyí ló ti di ọ̀kan nínú àwọn tó mọ ìtàn àwọn mọ́ńkì aginjù jù lọ ní àkókò rẹ̀.

Ó pẹ́ tí mo ti ń fi ìwé rẹ̀, The Desert a City, kọ́ kíláàsì ìtàn Ìjọ wa ní Peckham. Àwọn ìdánilẹ́kọ̀ọ́ Birkbeck tó ṣe ní Cambridge ní 1959 sí 1960 ló di ìwé náà, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1966. Kò rọrùn kà. Orúkọ èèyàn àti orúkọ ibi ń ya lu ara wọn lójú ewé kọ̀ọ̀kan. Ṣùgbọ́n tó bá kọ ọ́ pé mọ́ńkì kan ṣí kúrò níhìn-ín lọ sọ́hùn-ún, ẹ máa mọ̀ pé ẹsẹ̀ ẹni tó kọ ọ́ ti tẹ ọ̀nà náà. Ìyẹn ni mo fẹ́ lọ fojú ara mi rí.

Ó tẹ ọ̀nà náà lóòótọ́. Wọ́n bí i ní 1901, àlùfáà ni bàbá rẹ̀ náà. Lẹ́yìn tó kúrò ní New College ní Oxford, ó gba Jerúsálẹ́mù lọ láti kọ́ iṣẹ́ ìwalẹ̀pìtàn. Ní 1928, òun àti A. H. M. Jones, tó padà di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká nínú ìtàn ilẹ̀ Róòmù, jọ kọ àbọ̀ lórí ahoro ṣọ́ọ̀ṣì Ẹni Mímọ́ Euthymius, mọ́ńkì aginjù ọgọ́rùn-ún ọdún karùn-ún, ní Khan al-Ahmar, ní ìlà-oòrùn Jerúsálẹ́mù. Ó padà síbẹ̀ ní 1929, ó wa ilẹ̀, ó wọn ògiri, ó ya àwòrán. Lẹ́yìn náà ló gba Upton.

Ohun kan wú mi lórí tí wọn kì í sábà sọ. Ìyàwó tó fẹ́ ní 1943, Mary Kitson Clark, awalẹ̀pìtàn ni. Ní 1929 yẹn kan náà, ọmọbìnrin náà wà ní Òkè Kámẹ́lì, ó ń bá Dorothy Garrod wa ilẹ̀ nínú ihò àpáta. Àwọn méjèèjì wà ní ilẹ̀ kan náà lọ́dún kan náà, ọ̀kan lórí òkè tó kọjú sí òkun, ọ̀kan nínú aginjù. Ọmọ ọdún 99 ni ìyá náà nígbà tó kú ní 2005.

Obìnrin àgbà kan ń to òdòdó sí ìdí pẹpẹ nígbà tí a wọlé. Mo sọ fún un pé Jerúsálẹ́mù ni a ń lọ lọ́la nítorí àlùfáà wọn àtijọ́. Ó fi òdòdó sílẹ̀, ó ní ká jókòó, ó lọ po tíì wá.

Ajé. Jerúsálẹ́mù

A ti dé lálẹ́ àná. Ilé àlejò Kàtídírà St George ni a wọ̀ sí. Àbúrò mi ọkùnrin ló bá mi rìn. Ẹnjiníà omi ni ní Ìbàdàn, kò sì mọ Euthymius yàtọ̀ sí ẹlòmíràn kí n tó fi ìwé yìí há a lọ́wọ́.

Ẹni tó bá jẹ́ Áńgílíkà nílẹ̀ Yorùbá kì í ṣe àlejò níhìn-ín. Ẹgbẹ́ CMS tó rán Henry Townsend wá sí Abẹ́òkúta náà ló rán òjíṣẹ́ wá sí Palẹsítínì, nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Gobat pè wọ́n ní 1851. Nínú ìsìn ìrọ̀lẹ́, èdè Lárúbáwá ni wọ́n fi gba Àdúrà Olúwa ní apá kan, Gẹ̀ẹ́sì ní apá kejì. Èmi àti àbúrò mi gbà á ní Yorùbá lábẹ́lẹ̀.

Ilẹ̀ ti mì ní Tọ́kì àti Síríà lọ́sẹ̀ tó kọjá, ní ọjọ́ kẹfà oṣù yìí. A gbàdúrà fún àwọn tó kú. Malatya wà lára àwọn ìlú tó wó. Nígbà tí wọ́n dárúkọ rẹ̀, ara mi bù máṣọ: Malatya ni Melitene ìgbàanì, ìlú tí wọ́n bí Euthymius sí ní 377. Ìmìtìtì ilẹ̀ mìíràn ló wó ilé àwọn mọ́ńkì tó fi sílẹ̀, ní 659. N kò lè wo aginjù lọ́la bíi pé ìtàn àtijọ́ lásán ni mo ń lọ wò.

Ìṣẹ́gun. Khan al-Ahmar

Awakọ̀ wa jẹ́ bàbá Mùsùlùmí kan láti al-Eizariya, ìyẹn Bẹ́tánì ìlú Lásárù. Ó ní Òkun Òkú ni gbogbo àlejò ń sáré lọ, ẹnikẹ́ni ò tíì bẹ òun rí pé kí òun gbé e lọ sáàárín ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ. Òótọ́ ló sọ. Ahoro náà wà láàárín Mishor Adumim báyìí, àgbègbè àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá. Wọ́n fi wáyà ká a mọ́, tírélà ń kọjá níwájú, ariwo irin ń dún lẹ́yìn. A ti gba àyè tẹ́lẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń mójú tó ibẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ti ọ̀nà. Jerúsálẹ́mù ga tó nǹkan bí 800 mítà sí ojú òkun. Jẹ́ríkò wà nísàlẹ̀ ojú òkun ní nǹkan bí 250 mítà. Ọ̀nà tó wà láàárín wọn kò tó 40 kìlómítà. Òkè ni òjò tó ń ti Òkun Ńlá bọ̀ ń parí sí. Bí a ṣe ré kọjá Òkè Ólífì, igi tán. Aginjù bẹ̀rẹ̀ ní ẹ̀yìnkùlé ìlú. Mo ti kọ́ kíláàsì mi bẹ́ẹ̀ láìmọye ìgbà, àmọ́ kò yé mi tó báyìí rí: ẹni tó bá jí kúrò nídìí Ibojì Mímọ́ láàárọ̀, tó fẹsẹ̀ rìn, á dé ọ̀dọ̀ Euthymius kí oòrùn tó kan àtàrí. A ti máa ń rò pé àwọn wọ̀nyí sá lọ sópin ayé. Wọn ò sá jìnnà tó bẹ́ẹ̀.

Ọdún 405 ni Euthymius dé Jerúsálẹ́mù. Ó kọ́kọ́ gbé ní Faran, lẹ́yìn náà ó bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ Theoctistus gbé inú ihò àpáta kan. Nígbà tí èrò pọ̀ jù, ó sá. Níkẹyìn ó wá tẹ̀dó síbí yìí, òun àti ọmọ ẹ̀yìn kan tó ń jẹ́ Domitian. Àwọn èèyàn tún tẹ̀ lé e wá. Ní nǹkan bí 428, ibẹ̀ di laura: mọ́ńkì kọ̀ọ̀kan nínú yàrá tirẹ̀ káàkiri pẹ̀tẹ́lẹ̀ láti ọjọ́ Ajé dé ọjọ́ Ẹtì, gbogbo wọn á pàdé ní ṣọ́ọ̀ṣì lópin ọ̀sẹ̀. Lẹ́yìn tó kú ní ọjọ́ 20 oṣù Kìíní 473, wọ́n sọ ọ́ di ilé olódi kan tí gbogbo wọn jọ ń gbé. Ògiri tí a rí lónìí, ti ilé olódi yẹn àti ti àwọn tó tún un kọ́ lẹ́yìn wọn ni.

Bí a ṣe mọ gbogbo èyí? Mọ́ńkì kan ni, Cyril ará Scythopolis. Ó wọ ilé yìí ní 544, ó gbé ibẹ̀ tó bí ọdún mẹ́wàá, ó ń bi àwọn àgbà léèrè, ó ń kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú ọdún àti oṣù. Iṣẹ́ Chitty ni pé ó gba Cyril gbọ́ débi tó fi lè dán an wò pẹ̀lú ṣọ́bìrì. Cyril kọ ọ́ pé díákónì kan tó ń jẹ́ Fidus ló sọ ihò tí Euthymius ń gbé di iyàrá ìsìnkú tó ní òrùlé títẹ̀, pé wọ́n tẹ́ Euthymius sáàárín, àwọn yòókù sí ẹ̀gbẹ́. Chitty wá a dé abẹ́ ilẹ̀, ó sì bá iyàrá náà níbẹ̀.

A sọ̀kalẹ̀ wọ inú rẹ̀. Ó tutù. Mo fi ọwọ́ kan ibi tí òrùlé ti bẹ̀rẹ̀ sí tẹ̀, òkúta tí wọ́n gé wẹ́kú, ẹfun funfun tó ṣì lẹ̀ mọ́ ọn lójú kan, tó ti ṣí kúrò lójú kejì. Cyril ní bíṣọ́ọ̀bù Jerúsálẹ́mù fi òkúta bo ibojì náà, ó sì fi àrọ fàdákà sí i lójú, kí òróró lè máa tibẹ̀ wá fún àwọn tó bá fi ìgbàgbọ́ wá. Òkúta yẹn kò sí mọ́. Mo ka Orin Dáfídì 121 síbẹ̀, àbúrò mi ṣe àmín.

Òun ò pẹ́ lábẹ́ ilẹ̀. Ibi tí wọ́n ń tọ́jú omi òjò sí ló gba ọkàn rẹ̀. Ó wọ́ tẹ̀ lé ojú àgbàrá láti ara òkè, ó fi tọ́ọ̀ṣì wo inú kànga ńlá tí wọ́n gbẹ́ sínú àpáta, tí wọ́n fi ẹfun rẹ́ ara rẹ̀ kí omi má bàa jò lọ. Ó pè mí.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ wá wo nǹkan. Omi mọ́ńkì mélòó kan kọ́ lèyí o. Omi àlejò ni."

Ọ̀rọ̀ rẹ̀ ló gbé mi dé ìdí ìtàn tí mo fẹ́ràn jù nínú Cyril. Àwọn ará Àméníà 400 ń ti Jerúsálẹ́mù lọ sí Odò Jọ́dánì. Wọ́n yà kúrò lójú ọ̀nà sí ọwọ́ ọ̀tún, wọ́n bá ara wọn ní laura yìí. Euthymius ní kí Domitian fún wọn lóúnjẹ. Domitian ní oúnjẹ èèyàn mẹ́wàá pàápàá kò sí nílé. Bàbá náà ní kó ṣáà lọ. Nígbà tó dé ìdí iyàrá oúnjẹ, ilẹ̀kùn kò ṣí: búrẹ́dì ti kún un láti ilẹ̀ dé àjà. Wọ́n ní láti yọ ilẹ̀kùn náà kúrò lára ìwọ̀ rẹ̀. Wáìnì àti òróró náà rí bẹ́ẹ̀. Gbogbo wọn jẹ, wọ́n yó. Cyril ní odindi oṣù mẹ́ta ni wọn kò fi lè dá ilẹ̀kùn náà padà sáyè rẹ̀.

Mo dúró sórí ògiri, mo wo àríwá. Ọ̀nà tó ń ti Jerúsálẹ́mù lọ sí Jẹ́ríkò wà lọ́hùn-ún, mò ń wo ọkọ̀ tó ń kọjá níbẹ̀. Ẹni tó bá ń sọ̀kalẹ̀ lọ sí Jẹ́ríkò, tó sì yà sí ọ̀tún, ibi tí mo dúró sí ló máa bọ́ sí. Cyril kò purọ́ ọ̀nà. Ohun tó sì kọ yé mi ju ti tẹ́lẹ̀ lọ: ọkùnrin tó ń sá fún èrò kọ́ ilé sẹ́bàá ọ̀nà tí gbogbo arìnrìn-àjò ìgbàgbọ́ ń gbà. Àlejò kò lè ṣàì wá. Ìgbà tó gbà bẹ́ẹ̀ ló gbẹ́ kànga tó tóbi tó yìí, àbí àwọn ọmọ rẹ̀ ló gbẹ́ ẹ. Chitty kọ orí ìwé lórí èyí, ṣùgbọ́n àbúrò mi fi tọ́ọ̀ṣì rí i.

Nígbà tí a ń padà, awakọ̀ wa ya ọkọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó fi abúlé àwọn Bedúínì Jahalin hàn wá, tí wọ́n ń pè ní Khan al-Ahmar bákan náà. Páànù àti tápólì ni ilé wọn. Ilé-ẹ̀kọ́ tí wọ́n fi táyà àtijọ́ àti ẹrẹ̀ kọ́ fún àwọn ọmọ wọn ní 2009 wà níbẹ̀. Ní 2018 ilé-ẹjọ́ gíga jù ní Ísírẹ́lì fọwọ́ sí i pé kí wọ́n wó abúlé náà. Ó ṣì wà nílẹ̀ títí di òní. Mo wò wọ́n, mo rántí Aspebet, olórí Lárúbáwá tó gbé ọmọ rẹ̀ arọ, Terebon, wá sọ́dọ̀ Euthymius. Ọmọ náà rí ìwòsàn, bàbá gba ìrìbọmi, wọ́n sọ ọ́ ní Peter. Euthymius fi ààlà ilẹ̀ hàn àwọn èèyàn rẹ̀ kí wọ́n pàgọ́ wọn sí, Peter sì di bíṣọ́ọ̀bù àwọn tó ń gbé inú àgọ́. Òun ló lọ sí ìgbìmọ̀ Éfésù ní 431. Àlejò tó dé bá mọ́ńkì náà kò gbọdọ̀ ṣáà lọ. Ó wá ilẹ̀ fún wọn. Ó wù mí kí ẹnikẹ́ni tó bá ń ṣe ìjọba nílẹ̀ yìí ka orí yẹn.

Ọjọ́rú. Òjò

Òjò rọ̀ láti òwúrọ̀ di alẹ́. A kò lè jáde sí aginjù, nítorí àgbàrá lè dé lójijì nínú àfonífojì wọ̀nyẹn. Wákàtí méjì tí ó dá, a lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì Ibojì Mímọ́, a gun òkè òrùlé lọ kí àwọn mọ́ńkì Etiópíà. Àwọn ilé kékeré alámọ̀ ni wọ́n ń gbé lórí òrùlé ibẹ̀, ilẹ̀kùn wọn kúrú. Ọ̀kan nínú wọn, bàbá arúgbó, di ọwọ́ àbúrò mi mú títí, kò sọ̀rọ̀.

Kí a má gbàgbé pé Áfíríkà ni gbogbo rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Antony tí wọ́n ń pè ní bàbá gbogbo mọ́ńkì, ará Íjíbítì ni; Pachomius tó kọ́kọ́ kó wọn jọ sábẹ́ òfin kan, ará Íjíbítì ni. Martyrius àti Elias tó wá bá Euthymius ní 457, láti Nitria ní Íjíbítì ni wọ́n ti sá wá nígbà tí rògbòdìyàn dé, àwọn méjèèjì sì padà di olórí Ìjọ Jerúsálẹ́mù. Chitty ló so Íjíbítì mọ́ Palẹsítínì bí ẹ̀wọ̀n kan náà, ó fi hàn ẹni tó kọ́ ẹni. Àwọn tó kọ ìtàn yìí ṣáájú rẹ̀ sábà máa ń dá ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan sọ̀tọ̀.

Ọjọ́bọ̀. Mar Saba

Ẹ wo aginjù lẹ́yìn òjò ọjọ́ kan! Ewé tínínrín ti hù lára gbogbo òkè tó kọjú sí àríwá, òdòdó pupa ń yọ orí. Àwọn ọmọ Bedúínì ń da àgùntàn. Ìyá kan tẹ̀ ba, ó ń já ewé sínú àpò.

Mo ń bi ara mí tẹ́lẹ̀ bí Euthymius ṣe lè máa lọ sínú aginjù tó jìn jù lọ lọ́dọọdún láti ọjọ́ 14 oṣù Kìíní, tí kò ní padà àfi Ọjọ́ Ìsinmi Ọ̀pẹ. Kí ni wọ́n ń jẹ? Kí ni wọ́n ń mu? Ní oṣù Kẹjọ, wọn ì bá kú. Ṣùgbọ́n ìgbà òjò ni wọ́n yàn: omi wà nínú kòtò àpáta, ewé wà, egbò ewéko kan tí wọ́n ń pè ní melagria wà nínú ilẹ̀ tí wọ́n lè wú jẹ. Ààwẹ̀ wọn ní ọgbọ́n nínú. Ẹni tó bá jókòó sí Oxford, kò ní rí i pé kàlẹ́ńdà Ìjọ àti kàlẹ́ńdà òjò jọ ń rìn.

A yà ní ilé Theodosius, olórí mọ́ńkì mìíràn nínú aginjù yìí nígbàanì, a kò pẹ́ níbẹ̀. Ohun tó dùn mọ́ mi ni pé láyé Theodosius, ṣọ́ọ̀ṣì mẹ́rin ló wà nínú ọgbà kan. Àwọn Gíríìkì ń kọrin ní èdè wọn, àwọn ará Àméníà ní tiwọn, àwọn Bessi, ẹ̀yà kan láti ilẹ̀ Thrace, ní tiwọn, ẹ̀kẹrin sì wà fún àwọn tí orí wọn dàrú tí wọ́n ń tọ́jú níbẹ̀. Wọ́n á gbọ́ Ìhìnrere tán ní èdè abínibí, wọ́n á wá pàdé fún Ara Olúwa. Ẹni tó bá ti jà lórí ìsìn Yorùbá àti ìsìn Gẹ̀ẹ́sì nínú ìjọ rí yóò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà kò bẹ̀rẹ̀ lórí wa.

Mar Saba lẹ̀ mọ́ ojú àpáta lórí àfonífojì Kídírónì bí ilé agbọ́n. Sabas ló tẹ̀ ẹ́ dó ní 483. Nígbà tó ṣì jẹ́ ọ̀dọ́, ó tọ Euthymius lọ pé òun fẹ́ wà ní laura. Bàbá náà ní kò tíì hù irùngbọ̀n, ó rán an lọ sọ́dọ̀ Theoctistus kó lọ kọ́ ìgbọràn. Àwọn mọ́ńkì ṣì ń gbé Mar Saba títí dòní.

Obìnrin kò gbọdọ̀ wọlé. Ilé ìṣọ́ kan wà lóde tí wọ́n ń pè ní ti àwọn obìnrin. Ibẹ̀ ni mo jókòó sí nígbà tí àbúrò mi wọlé. Ó dùn mí, n kò ní purọ́. Mo ro ti Mary Kitson Clark, pẹ̀lú gbogbo ọgbọ́n ìwalẹ̀ rẹ̀, pé ibi tí mo jókòó yìí ni òun náà ì bá jókòó. Ṣùgbọ́n ibẹ̀ ni a ti ń rí gbogbo rẹ̀ dáadáa: òrùlé róbótó, àtẹ̀gùn tó ń gun ara wọn, àwọn ihò lójú àpáta lódìkejì tí àwọn àdágbé ti gbé rí, ọ̀kan pẹ̀lú àkàbà onígi tó já ní ìdajì. Lẹ́yìn nǹkan bí ìdajì wákàtí, mọ́ńkì kan ṣí ilẹ̀kùn kékeré, ó gbé àwo irin síta: omi tútù nínú ife, àti súìtì onírósì tí wọ́n fi ìyẹ̀fun ṣúgà bò. Ó tẹrí ba, ó padà, ó ti ilẹ̀kùn.

Nígbà tí àbúrò mi jáde, òkú Sabas ló kọ́kọ́ sọ, pé ó wà nínú pósí onígíláàsì, aṣọ àlùfáà lọ́rùn. Venice ni wọ́n ti gbé e padà wá ní 1965. Ó rí iyàrá John ará Damásíkù, tó kọ àwọn orin Àjíǹde tí a ṣì ń kọ. Lẹ́yìn náà ló wá sọ èyí tó wà lọ́kàn rẹ̀:

"Ẹ̀gbọ́n mi, omi tó ń ṣàn nísàlẹ̀ yẹn, omi ìdọ̀tí ni. Òórùn rẹ̀ dé inú ṣọ́ọ̀ṣì."

Bẹ́ẹ̀ ni. Kídírónì ń gbé ìdọ̀tí ìlú sọ̀kalẹ̀ lọ sí Òkun Òkú láti ọdún gbọ́nrangbọ́nran. Àárín ìlú àti aginjù kò tíì jìnnà síra títí dòní, ohun tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ síra ló yí padà. Àbúrò mi ya àwòrán páìpù sínú ìwé rẹ̀ títí a fi dé ilé.

Ẹtì. Àfonífojì Qelt àti al-Eizariya

A fẹsẹ̀ sọ̀kalẹ̀ lọ sí ilé Ẹni Mímọ́ George ti Choziba. Wọ́n gbà mí wọlé níbẹ̀. John ará Thebes ní Íjíbítì ló sọ ibẹ̀ di ilé mọ́ńkì gidi ní apá ìparí ọgọ́rùn-ún ọdún karùn-ún. Àwọn ará Páṣíà pa àwọn mọ́ńkì ibẹ̀ ní 614, agbárí wọn ṣì wà nílé náà. Okùn àti agbọ̀n ni àwọn àdágbé ojú àpáta fi ń fa oúnjẹ gòkè. Ọ̀gbẹ́ni kan ń kọ́ ọgbà ólífì nísàlẹ̀, ìpéǹpéjú rẹ̀ kún fún eruku.

Awakọ̀ wa kò jẹ́ ká padà sí ilé àlejò. Ó ní ọjọ́ Jímọ̀ ni, ìyàwó òun ti dáná. A bá a dé ilé ní al-Eizariya. Ìyá ilé gbé ìrẹsì wá, adìẹ, àti ọbẹ̀ ewé kan tó ń fà. Àbúrò mi tọ́ ọ wò, ó yíjú sí mi, ó ní ewédú ni. Ewédú ni lóòótọ́, mulukhiya ni wọ́n ń pè é. Wọ́n sá a gbẹ láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. A ní kí wọ́n bá wa wá ìgbálẹ̀ kékeré tí a fi ń lu ú nílé, a ṣàlàyé, wọn ò gbọ́; wọ́n fi ọ̀bẹ gé e ni. Àwọn ọmọ wọn márùn-ún jókòó ti àbúrò mi, wọ́n ń kọ́ ọ ní bí wọ́n ṣe ń dúpẹ́ ní Lárúbáwá.

Mo sọ ìtàn àwọn ará Àméníà fún bàbá náà. Ó fetí sílẹ̀ dáadáa. Ó ní ìyẹn tọ́: ẹni tó bá kọ́lé sẹ́bàá ọ̀nà gbọ́dọ̀ ní búrẹ́dì.

Àbámẹ́ta

Mo sinmi, mo kà. Ó wù mí kí n dé etí Gáásà, ibi tí Barsanuphius, ará Íjíbítì mìíràn, ti ara rẹ̀ mọ́ inú yàrá ní ọgọ́rùn-ún ọdún kẹfà, tó sì ń fi lẹ́tà dáhùn ìbéèrè gbogbo èèyàn: mọ́ńkì, bíṣọ́ọ̀bù, ará ìlú lásán. Ó lé ní 800 lẹ́tà tó kù fún wa, tirẹ̀ àti ti John ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Arìnrìn-àjò bíi tiwa kò lè dé ibẹ̀. Chitty fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe àtúntò àwọn lẹ́tà náà ní Gíríìkì. Apá kìíní jáde ní 1966, ó kú ní 1971 láìtíì parí rẹ̀. Ìtumọ̀ tó ṣe sí àwọn lẹ́tà Antony, àwọn obìnrin ẹlẹ́jẹ̀ẹ́ Áńgílíkà ní Fairacres, Oxford, ló tẹ̀ ẹ́ ní 1975. Bó bá ṣe pé lẹ́tà Barsanuphius wà ní Yorùbá, èmi ni n bá kọ́kọ́ rà á.

Àìkú

Lẹ́yìn ìsìn ní St George, a gba Ẹnu-Bodè Damásíkù wọ ìlú àtijọ́. Ní ọ̀nà tóóró tó kọjú sí Ibojì Mímọ́, a gbọ́ Yorùbá. Àwọn arìnrìn-àjò láti Nàìjíríà ni, fìlà àti báàgì wọn bá ara mu. A kí wọn, wọ́n ká wa mọ́. Ìyá kan láti Oǹdó, ẹni tó ti ní kí gbogbo èèyàn máa pe òun ní JP, ìyẹn Jerusalem Pilgrim, láti ìsinsìnyí, bi mí ibi tí a ti dé. Mo ní Khan al-Ahmar. Kò gbọ́ ọ rí. Wọ́n ti lọ sí Gálílì, wọ́n ti gba ìrìbọmi ní Jọ́dánì, Jẹ́ríkò ló kù lọ́la.

Mo sọ fún wọn nípa àwọn 400, nípa Domitian àti ilẹ̀kùn tí kò ṣí. Ìyá náà pàtẹ́wọ́.

"Oṣù mẹ́ta! Ilẹ̀kùn ò sì padà sáyè?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Ẹni tó gbé inú ilé náà ló kọ ọ́."

"Ta ló wá wa ilẹ̀ ahoro ilé náà?"

Mo ní àlùfáà ìjọ kan ni, Áńgílíkà bíi tiwa, láti abúlé kan ní Ìlú Ọba. Ó ní kí n pe orúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i, ó kọ ọ́ sí ẹ̀yìn ìwé ètò ìrìn-àjò wọn. Àlùfáà tó ń darí wọn bi mí bóyá ọkọ̀ wọn lè yà níbẹ̀. Mo ní wọ́n ní láti gba àyè ṣáájú kí wọ́n tó wọlé, àmọ́ kí wọ́n ní kí dẹ́rẹ́bà rọra sáré tí wọ́n bá ti kọjá Ma'ale Adumim, kí wọ́n tó dé ibi tí wọ́n ń pè ní Ilé Ará Samáríà Rere. Kí gbogbo wọn wo ọwọ́ ọ̀tún, lẹ́yìn àwọn ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ yẹn.